Maya Deren àti Fíìmù Háítì Tí Kò Parí

Obìnrin kan ni ọ̀rọ̀ wa dá lé lónìí, ẹni tó ṣe fíìmù láìsí ilé iṣẹ́ kankan lẹ́yìn rẹ̀, láìsí òṣèré olókìkí, pẹ̀lú owó tí kò tó nǹkan. Maya Deren ni orúkọ rẹ̀. Ìlú New York ló kú sí ní 1961, ẹni ọdún 44 sì ni nígbà náà. Bí ẹ bá kó gbogbo fíìmù tó parí nígbà ayé rẹ̀ jọ, ìjókòó ẹ̀ẹ̀kan ti tó láti wò wọ́n tán. Síbẹ̀, ó ṣòro kí wọ́n kọ́ ènìyàn ní ìtàn fíìmù ní Amẹ́ríkà tàbí ní Yúróòpù kí wọ́n má dárúkọ rẹ̀.

Àwọn fíìmù tó parí yẹn kọ́ ni mo torí rẹ̀ jókòó sídìí ẹ̀rọ gbohùngbohùn lónìí. Èyí tí kò parí ni. Orílẹ̀-èdè Háítì, ní òkun Caribbean, ló ti ya á, níbi tí wọ́n ṣì ń bọ Ògún títí di òní, tí wọ́n sì ń pe agbo òrìṣà tí Ògún wà nínú rẹ̀ ní Nago. Ẹ̀yin tí ẹ mọ̀ pé Nàgó ni wọ́n ń pe Yorùbá ní orílẹ̀-èdè Bẹ̀nẹ̀, ẹ kò nílò kí n ṣẹ̀ṣẹ̀ máa ṣàlàyé ibi tí orúkọ yẹn ti wá.

Kiev, ní ilẹ̀ Ukraine, ni wọ́n bí i sí ní 1917. Eleanora Derenkowsky ni wọ́n sọ ọ́. Júù ni àwọn òbí rẹ̀, inúnibíni tí wọ́n sì ń ṣe sí àwọn Júù lágbègbè yẹn ló lé wọn dé Amẹ́ríkà ní 1922. Syracuse, ní ìpínlẹ̀ New York, ni wọ́n tẹ̀dó sí. Dókítà tó ń tọ́jú àìsàn ọpọlọ ni bàbá rẹ̀. Ọmọ náà kàwé dáadáa, ó sì gba oyè kejì nínú lítíréṣọ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní Smith College ní 1939. Ewì ló kọ́kọ́ ń kọ. Nígbà tó yá, ó ṣàlàyé pé ewì òun kò dára tó, nítorí pé àwòrán ló máa ń wá sí òun lọ́kàn, tí òun yóò wá máa làágùn láti wá ọ̀rọ̀ tí yóò gbé àwòrán náà. Ọjọ́ tí kámẹ́rà bọ́ sí i lọ́wọ́ ni làálàá yẹn parí.

Kó tó di pé kámẹ́rà bọ́ sí i lọ́wọ́, ẹnì kan wà tí wọ́n máa ń fo orúkọ rẹ̀ nínú ìtàn yìí, èmi kò sì ní fò ó. Katherine Dunham ni. Oníjó ni, ọmọ Amẹ́ríkà aláwọ̀ dúdú, tó tún kẹ́kọ̀ọ́ nípa àṣà ìran ènìyàn ní Yunifásítì Chicago. Láàárín 1935 sí 1936 ló lọ sí àwọn erékùṣù Caribbean láti kọ́ ijó wọn. Ó pẹ́ ní Háítì, wọ́n sì ṣe ètò ìgbàwọlé fún un nínú ẹ̀sìn Vodou. Ní 1941 ni Deren di akọ̀wé rẹ̀, ó sì bá ẹgbẹ́ ijó Dunham rìn káàkiri Amẹ́ríkà. Ibẹ̀ ló ti gbọ́ ìtàn Háítì, ibẹ̀ ló ti rí àwọn oníjó tí ara wọn mọ ijó náà. Kó tó fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ tẹ ilẹ̀ Háítì rárá ló ti kọ àròkọ lórí bí òrìṣà ṣe ń gun ènìyàn lójú agbo. Tí Dunham kò bá kọ́kọ́ la ọ̀nà náà, èmi kò rò pé Deren ì bá gbà á.

Ní Los Angeles ló ti pàdé Alexander Hammid, onífíìmù ará Czechoslovakia tó sá fún àwọn Násì. Wọ́n fẹ́ra ní 1942. Nígbà tí bàbá Deren kú, ó mú lára owó ogún tó kàn án, ó sì fi ra kámẹ́rà Bolex àlòkù kan. Kámẹ́rà kékeré ni, Switzerland ni wọ́n ti ń ṣe é, fíìmù oní-mìlímítà 16 ló sì ń lò. Kò gba iná, kò gba bátìrì. Ọwọ́ ni wọ́n fi ń yí i bí agogo ara ògiri ayé àtijọ́, sípíríǹgì inú rẹ̀ á wá máa tú díẹ̀díẹ̀ títí yóò fi dúró. Bí ẹ bá yí i títí tí kò lè yí mọ́, kò ní ṣiṣẹ́ ju nǹkan bí ìdajì ìṣẹ́jú lọ kó tó tún béèrè ìyíkà mìíràn. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi èyí sọ́kàn dè mí.

Fíìmù tí tọkọtaya náà kọ́kọ́ ṣe pọ̀, ní 1943, ni Meshes of the Afternoon. Inú ilé tí wọ́n ń gbé ní Los Angeles ni wọ́n ti ṣe é, lẹ́bàá Hollywood gan-an, níbi tí àwọn ilé iṣẹ́ ńlá ti ń ná owó bí ẹlẹ́dà. Owó tí tọkọtaya náà fi ṣe tiwọn kò ju ọgọ́rùn-ún dọ́là mélòó kan lọ. Deren fúnra rẹ̀ máa ń sọ pé iye tí Hollywood ń ná sórí lípsítíìkì nìkan lòun fi ń ṣe fíìmù tòun. Ìṣẹ́jú 14 péré ni. Obìnrin kan ń lọ sílé, ó rí òdòdó lójú ọ̀nà, ó mú un. Kọ́kọ́rọ́ bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ lórí àtẹ̀gùn. Ọ̀bẹ wà lára búrẹ́dì lórí tábìlì. Ó jókòó sórí àga, oorun gbé e lọ, lẹ́yìn náà gbogbo rẹ̀ tún bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, ṣùgbọ́n nǹkan ti yí padà díẹ̀. Ẹnì kan tó bora pẹ̀lú aṣọ dúdú ń rìn lọ níwájú, dígí ló sì wà níbi tó yẹ kí ojú rẹ̀ wà. Obìnrin kan náà di méjì, ó di mẹ́ta, wọ́n jókòó yí tábìlì kan ká. Deren gan-an ni obìnrin náà. Nígbà tó ń lọ síparí, ọ̀kan nínú wọn dìde pẹ̀lú ọ̀bẹ lọ́wọ́, ó sì gbésẹ̀ lọ sọ́dọ̀ ẹni tó ń sùn. Ìṣísẹ̀ àkọ́kọ́ balẹ̀ sórí yanrìn etí òkun, òmíràn sórí koríko, òmíràn sórí sìmẹ́ǹtì ojú títì, òmíràn sórí kápẹ́ẹ̀tì inú yàrá. Gbogbo ọ̀nà tó wà láàárín òkun àti yàrá ló kó sínú ìrìn ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀.

Àwọn ìṣísẹ̀ yẹn ni ìpìlẹ̀ iṣẹ́ rẹ̀. Ohun tó rí ni pé fíìmù lè so ibi méjì tí kò pààlà pọ̀, bí ara tó ń lọ kò bá ti dáwọ́ dúró. Ó tún gbìyànjú rẹ̀ wò ní 1945 nínú fíìmù tí kò tó ìṣẹ́jú mẹ́ta, A Study in Choreography for Camera. Talley Beatty, oníjó aláwọ̀ dúdú láti inú ẹgbẹ́ Dunham, gbé ẹsẹ̀ sókè nínú igbó. Inú yàrá ni ẹsẹ̀ náà ti balẹ̀. Nígbà tó fò sókè, Deren gé fífò náà, ó so ó, ó tún gé e, títí ó fi dà bí ẹni pé ọkùnrin náà kò ní sọ̀kalẹ̀ mọ́. Kò sí ènìyàn tó lè fò bẹ́ẹ̀ láyé. Sísọ̀ọ́sì àti kámẹ́rà ni wọ́n jọ fò ó pẹ̀lú oníjó. Irú iṣẹ́ yìí ni wọ́n ń pè ní fíìmù àdánwò: onífíìmù ń wò ó bóyá kámẹ́rà lè ṣe ohun tí ojú lásán kò lè ṣe. Dókúmẹ́ńtárì ní tirẹ̀ ṣèlérí pé ohun tí ẹ ń wò ṣẹlẹ̀ bí ẹ ṣe rí i. Ọ̀nà méjèèjì yìí ló bá ara wọn jà lọ́wọ́ Deren ní Háítì.

Báwo ló ṣe ń rí ènìyàn wo fíìmù wọ̀nyí? Ilé sinimá kò gbà wọ́n. Nítorí náà, ní oṣù Kejì ọdún 1946, ó háyà gbọ̀ngàn Provincetown Playhouse ní Greenwich Village, ní New York, ó sì fi fíìmù mẹ́ta hàn níbẹ̀. Èrò kún débi pé gbọ̀ngàn náà kò gbà wọ́n. Ọ̀kan lára àwọn tó wá wò ó ni Amos Vogel, ọmọ ilẹ̀ Austria tó sá wá sí Amẹ́ríkà. Ohun tó rí lọ́jọ́ náà wà lára ohun tó mú un dá ẹgbẹ́ Cinema 16 sílẹ̀ ní 1947, ẹgbẹ́ tó wá ní ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọmọ ẹgbẹ́ tó ń sanwó kí wọ́n lè wo irú fíìmù tí sinimá kò ní fi hàn. Deren fúnra rẹ̀ ń gbé fíìmù rẹ̀ láti yunifásítì kan sí òmíràn. Òun ló ń kọ̀wé ìpolówó, òun ló ń fi í ránṣẹ́, òun ló ń dúró níwájú àwọn ènìyàn tó ń ṣàlàyé. Ó kọ ìwé kékeré kan lórí iṣẹ́ ọnà àti fíìmù ní 1946, ó sì le ní kíkà, ṣùgbọ́n ẹni tó bá fara balẹ̀ kà á yóò jèrè. Ní 1947, Meshes gba ẹ̀bùn ní àjọ̀dún fíìmù Cannes ní ilẹ̀ Faransé. Kí ìyẹn tó ṣẹlẹ̀, àjọ Guggenheim ti fún un ní owó ìrànwọ́ ní 1946, owó tí wọn kì í sábà fún onífíìmù nígbà náà. Owó yẹn ló gbé e dé Háítì.

Háítì tó dé ní 1947 kì í ṣe ibi tí àlejò kàn lè gbé kámẹ́rà wọ̀. Saint-Domingue ni àwọn Faransé ń pè é nígbà tí wọ́n ń fi ẹrú gbin ìrèké àti kọfí níbẹ̀. Láti Dahomey, láti Kóńgò, láti ilẹ̀ Yorùbá ni wọ́n ti kó àwọn ènìyàn náà, títí tí wọ́n fi dìde ní 1791, tí wọ́n sì gba òmìnira ní ọjọ́ kìíní oṣù Kìíní 1804. Ẹ̀sìn wọn ṣì ń tọ́ka sí ibi tí wọ́n ti wá: agbo Rada gba orúkọ láti Àlàdá, agbo Nago láti ọ̀dọ̀ tiwa. Lwa ni wọ́n ń pe àwọn òrìṣà. Legba ni wọ́n kọ́kọ́ ń kí níbi ìbọ kí ó lè ṣílẹ̀kùn, gẹ́gẹ́ bí àwa náà kì í ti í bẹ̀rẹ̀ ìbọ láìrántí Èṣù. Ogou wọn jẹ́ jagunjagun, onídà, aláṣọ pupa, tó fẹ́ràn ọtí líle.

Àwọn sójà Amẹ́ríkà gba ìlú náà láti 1915 sí 1934. Irú ìtàn tí wọ́n ń gbé bọ̀ láti ibẹ̀ ni Hollywood fi ṣe fíìmù ẹ̀rù bíi White Zombie ní 1932, tó sọ ẹ̀sìn odidi orílẹ̀-èdè di ọ̀rọ̀ òkú tó ń rìn. Kò tán síbẹ̀. Ní 1941 àti 1942, ìjọ Kátólíìkì gbógun ti Vodou pẹ̀lú àtìlẹ́yìn ìjọba. Wọ́n dáná sun ìlù, wọ́n wó ojúbọ, wọ́n mú kí àwọn ènìyàn búra pé àwọn ti kọ ẹ̀sìn náà sílẹ̀. Ọdún márùn-ún lẹ́yìn ìyẹn ni òyìnbó obìnrin kan dé pẹ̀lú kámẹ́rà. Bí àwọn babaláwo wọn àti àwọn ìyálórìṣà wọn bá tìlẹ̀kùn mọ́ ọn, ta ni yóò bá wọn wí?

Èrò tó gbé lọ ṣe kedere. Ó ti jókòó wo fíìmù tí Gregory Bateson àti Margaret Mead yà ní Bali, ní Indonesia. Ó fẹ́ so ijó Háítì, ìbọ Bali àti eré ọmọdé pọ̀ di fíìmù kan ṣoṣo, bí ó ṣe so yanrìn pọ̀ mọ́ kápẹ́ẹ̀tì. Ohun tí ara ń ṣe ló fẹ́ kó jọ, ìtumọ̀ tí onítọ̀hún fún un kò fi bẹ́ẹ̀ jẹ ẹ́ lógún. Háítì ba èrò yẹn jẹ́. Láàárín 1947 sí ìbẹ̀rẹ̀ ẹ̀wádún tó tẹ̀ lé e, ó lọ síbẹ̀ léraléra, àpapọ̀ àkókò tó lò sì ju ọdún kan lọ. Ó bá wọn gbé, ó bá wọn jó, wọ́n sì gbà á wọlé. Bó ṣe ń pẹ́ sí i ló ń rí i pé ijó tó wá wò kì í dá dúró. Ẹsẹ̀ oníjó ń dá ìlù lóhùn, ìlù ń pe lwa, lwa ń sọ̀kalẹ̀ nítorí ẹbọ, ẹbọ wà nítorí àìsàn ọmọ ẹnì kan tàbí ọ̀rọ̀ ilẹ̀ tó dàrú nínú ẹbí. Ibo ni ènìyàn yóò ti fi sísọ̀ọ́sì sí i?

Ẹ jẹ́ kí a padà sórí sípíríǹgì tí mo ní kí ẹ fi sọ́kàn. Òru mọ́jú ni ìbọ Vodou lè gbà. Kámẹ́rà tó ń ṣiṣẹ́ fún ìdajì ìṣẹ́jú ni Deren gbé dúró níwájú rẹ̀. Róòlù fíìmù rẹ̀ kan gùn tó 100 ẹsẹ̀ bàtà, kò sì tó ìṣẹ́jú mẹ́ta tí yóò fi tán, tí yóò ní láti yọ ọ́ kí ó fi tuntun sí i, kí ìmọ́lẹ̀ má sì kàn án. Kámẹ́rà náà kò gbóhùn. Ó gba ohùn ìlù àti orin lọ́tọ̀ pẹ̀lú ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ tó ń lo wáyà, nítorí náà ọwọ́ onílù tí ẹ ń rí kì í ṣe ọwọ́ tó lu ohun tí ẹ ń gbọ́. Fún ẹ̀sìn tó jẹ́ pé ìlù gan-an ló ń pe òrìṣà, èyí kì í ṣe ọ̀rọ̀ kékeré. Kò sì sí bí onífíìmù ṣe lè mọ ìgbà tí lwa yóò gun ènìyàn. Ìgbà tó bá ń yí kámẹ́rà lọ́wọ́ ló lè ṣẹlẹ̀. Pẹ̀lú gbogbo èyí, fíìmù tó yà níbẹ̀ lé ní ẹgbẹ̀rún méjìdínlógún ẹsẹ̀ bàtà. Bí ẹ bá fi ìyára fíìmù lásán gbé e, wákàtí mẹ́jọ kò ní tó láti wò ó tán.

Ohun kan wà tí kò sí lórí fíìmù náà rárá. Lwa gun Deren fúnra rẹ̀. Erzulie ni, ẹni tó ni ìfẹ́ àti ẹwà. Ó kọ ọ́ sínú orí tó gbẹ̀yìn ìwé tó kọ lórí Háítì, bí ẹsẹ̀ rẹ̀ ṣe wúwo mọ́lẹ̀, bí ìbẹ̀rù ṣe mú un, bí òye rẹ̀ ṣe lọ. Ẹṣin ni wọ́n ń pe ẹni tí lwa bá gùn ní Háítì, gẹ́gẹ́ bí àwa náà ṣe ń pe ẹlẹ́gùn ní ẹṣin òrìṣà, Divine Horsemen tó sì sọ ìwé náà wá láti inú ọ̀rọ̀ yẹn. Mo máa ń ronú lórí èyí púpọ̀. Ibi tí ìmọ̀ náà ti jinlẹ̀ jù lọ fún un ni ibi tí kò ti lè di kámẹ́rà mú. Ẹni tó wà nínú rẹ̀ kò lè yà á. Ẹni tó ń yà á kò sí nínú rẹ̀ lákòókò yẹn.

Ìwé náà jáde ní 1953. Joseph Campbell, onímọ̀ ìtàn ìwáṣẹ̀, ló gbà á níyànjú láti kọ ọ́. Ní ọdún kan náà ni ilé iṣẹ́ Elektra gbé àwo orin jáde láti inú ohùn tó gbà sílẹ̀, Voices of Haiti. Ìwé parí, àwo parí, fíìmù nìkan ni kò parí. Nínú ọ̀rọ̀ ìṣáájú ìwé náà, ó sọ ọ́ láìfi bò pé òun lọ gẹ́gẹ́ bí oníṣẹ́ ọnà tó fẹ́ fi ohun tó bá bá níbẹ̀ mọ nǹkan tòun, ó sì di dandan fún òun láti kàn ṣe àkọsílẹ̀ ohun tó ní ètò tirẹ̀, pẹ̀lú ìrẹ̀lẹ̀ àti ìṣọ́ra. Àwọn kan sọ pé owó ló tán. Òótọ́ ni pé owó kò fìgbà kan pọ̀ lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì kọ lẹ́tà tọrọ ìrànwọ́ títí ó fi kú. Ṣùgbọ́n owó kọ́ ló lè dí onífíìmù tó fi owó lípsítíìkì ṣe Meshes lọ́wọ́. Tèmi ni pé ó mọ iṣẹ́ rẹ̀ dunjú ju kí ó tan ara rẹ̀ jẹ lọ. Tí ó bá gé ẹlẹ́gùn Ogou bí ó ṣe gé Talley Beatty, ẹwà yóò jáde, kò sí àní-àní. Àmọ́ Talley Beatty fò fún kámẹ́rà. Ẹlẹ́gùn Ogou kò fò fún ẹnikẹ́ni tó mú kámẹ́rà wá.

Àwọn kan gbà pé Háítì ló pa iṣẹ́ fíìmù rẹ̀. Èmi kò gbà bẹ́ẹ̀, fíìmù tó ṣe ní 1948 sì ni ẹ̀rí mi. Meditation on Violence ni wọ́n ń pè é. Chao-Li Chi, ọkùnrin ará Ṣáínà, ń ṣe ìdárayá ogun ilẹ̀ Ṣáínà níwájú ògiri funfun. Ẹ wò ó, ẹ ó rí i pé Deren kò fi ìgbésẹ̀ kan fò láti etí òkun sí inú yàrá mọ́. Ó tẹ̀ lé ìmí ọkùnrin náà, ó jẹ́ kí ìṣísẹ̀ kan bí òmíràn. Nígbà tí eré náà dé góńgó, ó yí fíìmù náà padà sẹ́yìn, ara náà sì ń bá a lọ débi pé ọ̀pọ̀ ènìyàn kì í mọ̀ pé ẹ̀yìn ni wọ́n ń wò. Ohùn tó wà lábẹ́ rẹ̀ ni fèrè Ṣáínà, tí ìlù Háítì sì dara pọ̀ mọ́ ọn. Àdánwò ṣì ni, kò sí àní-àní, ṣùgbọ́n àdánwò ẹni tó ti jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ onílù ni. Ó ti kọ́ pé ohun tó ń yà ní ètò tirẹ̀ kí òun tó dé, ètò yẹn ló sì fi iṣẹ́ rẹ̀ tẹ̀ lé.

Lẹ́yìn ikú rẹ̀, Teiji Ito, olórin tó jẹ́ ọkọ rẹ̀ tó fẹ́ gbẹ̀yìn, àti Cherel Winett Ito kó lára fíìmù Háítì náà jọ, wọ́n gé e, wọ́n lẹ̀ ẹ́, wọ́n sì sọ ọ́ ní orúkọ ìwé rẹ̀. Kò tó wákàtí kan. A dúpẹ́ lọ́wọ́ wọn, nítorí láìsí wọn, inú agolo ni gbogbo rẹ̀ ì bá wà títí ayé. Síbẹ̀, mo ní ẹjọ́ kan tí mo fẹ́ rò. Wọ́n mú ọ̀rọ̀ láti inú ìwé Deren, wọ́n ní kí àwọn kan máa kà á sórí àwòrán náà: Legba nìyí, iṣẹ́ rẹ̀ nìyí, Gede nìyí, iṣẹ́ rẹ̀ nìyí. Lwa kọ̀ọ̀kan wá dúró lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ bí ohun tí wọ́n tò sínú ilé ìṣẹ̀ǹbáyé. Nínú ìwé, ọ̀rọ̀ náà dára, nítorí ẹni tó ń kàwé lè dúró, kó padà, kó ronú. Lórí fíìmù, ohùn náà ń sáré ṣàlàyé ohun tí ojú kò tíì rí tán. Ó tún ń bo ìlù mọ́lẹ̀. Èmi kò gbà pé Deren ì bá ṣe é bẹ́ẹ̀. Èyí tó ṣẹ́ kù nínú fíìmù náà wà ní Anthology Film Archives ní New York.

Ọ̀rọ̀ yìí kàn wá nílé. Ẹni tó bá lọ sí ọdún Ọ̀ṣun ní Òṣogbo lóṣù Kẹjọ yóò rí fóònù tó ga sókè ju orí ènìyàn lọ bí Arugbá ṣe ń kọjá. Fóònù kì í béèrè ìyíkà, kì í tán ní ìdajì ìṣẹ́jú, ó sì ń gbóhùn pẹ̀lú àwòrán. Gbogbo ohun tí Deren kò ní ló wà nínú àpò wa. Mo rọ ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ń ya irú ọdún bẹ́ẹ̀, ẹ kọ́kọ́ lọ jókòó ti àwọn àgbà tó ni ọdún náà. Ẹ béèrè ibi tí kámẹ́rà lè dé àti ibi tí kò gbọ́dọ̀ dé. Ẹ béèrè ìdí tí onílù fi yí ọwọ́ padà nígbà tó yí i. Tí ẹ bá fẹ́ fi kámẹ́rà dábírà, bóyá ẹ fẹ́ kí àwòrán máa falẹ̀, bóyá ẹ fẹ́ kó máa fò láti ibì kan sí ibòmíràn, ẹ jẹ́ kí ó ti inú ohun tí ẹ kọ́ lọ́dọ̀ wọn wá.

Bí ẹ bá rí ààyè wo iṣẹ́ Deren lórí íntánẹ́ẹ̀tì, A Study in Choreography for Camera ni kí ẹ fi bẹ̀rẹ̀, nítorí kò pẹ́, kò sì sí ọ̀rọ̀ kankan nínú rẹ̀. Ẹ tẹ̀ lé e pẹ̀lú Meditation on Violence. Lẹ́yìn ìyẹn ni kí ẹ wo ti Háítì, lẹ́ẹ̀mejì bó bá ṣeé ṣe. Lákọ̀ọ́kọ́, ẹ pa ohùn rẹ̀ kí ojú yín lè ṣiṣẹ́ fúnra rẹ̀. Lẹ́ẹ̀kejì, ẹ ṣí i, ẹ sì tẹ́tí sí ìlù lábẹ́ ọ̀rọ̀ tí wọ́n ń kà. Tí ẹ bá dé abala Ogou, ẹ máa fojú sọ́nà fún ibi tí àwòrán ti ń já. Àwọn ibì kan wà tó jẹ́ pé Deren ló dáwọ́ dúró fúnra rẹ̀, àwọn ibì kan wà tó jẹ́ pé sípíríǹgì ló tú tán, àwọn ibì kan sì jẹ́ iṣẹ́ sísọ̀ọ́sì àwọn tó lẹ̀ ẹ́ lẹ́yìn ikú rẹ̀. Ẹ gbìyànjú láti mọ èwo ni èwo.